Ikú Barbie Hsu: Kí ló ṣẹlẹ̀ sí òṣèré Táíwàn náà, ta sì ni ogún rẹ̀ tọ́ sí?

Ní ọjọ́ 3, oṣù Kejì, ọdún 2025, Dee Hsu, atọ́kùn ètò tẹlifíṣọ̀n tí tọmọdé tàgbà mọ̀ ní Táíwàn, fi ọ̀rọ̀ kúkúrú kan síta nípasẹ̀ aṣojú rẹ̀ pé ẹ̀gbọ́n òun obìnrin, òṣèré Barbie Hsu, ti jáde láyé ní orílẹ̀-èdè Jàpáánì. Ó ṣàlàyé pé gbogbo ìdílé ló jọ rìnrìn àjò lọ síbẹ̀ láti lo ìsinmi ọdún tuntun àwọn ará Ṣáínà, pé ibẹ̀ ni àrùn influenza ti mú ẹ̀gbọ́n òun, tí àrùn náà sì di òtútù àyà sí i lára. Ọjọ́ 2, oṣù Kejì ni ó kú. Ẹni ọdún 48 ni.

Láti ìgbà náà ni àwọn ìbéèrè ti ń jáde lọ́tùn-ún lósì. Àwọn kan ń bi ara wọn bí influenza, tí ọ̀pọ̀ èèyàn kà sí ọ̀fìnkìn ọjọ́ mélòó kan, ṣe lè pa obìnrin tí kò tíì pé àádọ́ta ọdún. Àwọn mìíràn ń jiyàn lórí ẹni tí dúkìá rẹ̀ tọ́ sí láàárín ọkọ tó fẹ́ gbẹ̀yìn, ìyá rẹ̀, àti àwọn ọmọ méjì tó bí fún ọkọ àkọ́kọ́. Àwọn ọ̀dọ́ tí wọn kò tíì dáyé nígbà tí eré tó sọ ọ́ di ìlúmọ̀ọ́ká kọ́kọ́ jáde sì ń bèèrè ohun tó mú kí ikú òṣèré kan láti erékùṣù kékeré ká àwọn èèyàn lára láti Manila dé Beijing. Ohun tó kan ìlera, iṣẹ́ ọnà, òfin ìdílé àti àhesọ orí ayélujára ti dàpọ̀ mọ́ ara wọn nínú ọ̀rọ̀ yìí, ó sì yẹ kí á yà wọ́n sọ́tọ̀ọ̀tọ̀.

Ta ni Barbie Hsu?

Orúkọ àbísọ rẹ̀ ni Hsu Hsi-yuan. Ní ìlànà tí wọ́n fi ń kọ orúkọ ní Ṣáínà, Xu Xiyuan ni wọ́n ń kọ ọ́, nítorí náà ẹni kan ṣoṣo ni orúkọ méjèèjì. Ìlú Taipei, olú-ìlú Táíwàn, ni wọ́n ti bí i ní ọjọ́ 6, oṣù Kẹwàá, ọdún 1976. Òun ni ọmọ kejì nínú ọmọbìnrin mẹ́ta, Dee ni àbíkẹ́yìn. Ilé ẹ̀kọ́ iṣẹ́ ọnà kan náà, Hwa Kang, ni òun àti àbúrò rẹ̀ yìí lọ, wọn kò sì tíì pé ọmọ ogún ọdún nígbà tí wọ́n jọ dá ẹgbẹ́ olórin sílẹ̀ ní ọdún 1994. S.O.S ni wọ́n kọ́kọ́ pe ẹgbẹ́ náà. Nígbà tó yá, wọ́n yí i padà sí ASOS. Láti inú orúkọ yìí ni ìnagijẹ tí àwọn ará Táíwàn fi ń pè wọ́n ti jáde: ẹ̀gbọ́n ni Da S, ìyẹn S Ńlá, àbúrò ni Xiao S, ìyẹn S Kékeré. Àwọn ìwé ìròyìn èdè Ṣáínà kì í sábà lo orúkọ mìíràn fún wọn.

Orin kọ́ ló gbé wọn débi gíga bí kò ṣe ọ̀rọ̀ ẹnu. Láti ìparí àwọn ọdún 1990 ni àwọn méjèèjì ti jọ ń ṣe atọ́kùn ètò ìdánilárayá tẹlifíṣọ̀n, níbi tí wọ́n ti ń fi ẹ̀rín bá àwọn òṣèré àti olórin wádìí ọ̀rọ̀, tí wọn kì í sì í fi bò fún ẹnikẹ́ni. Àwọn òǹwòran fẹ́ràn Barbie nítorí pé ó máa ń sọ̀rọ̀ nípa ara rẹ̀ láìfi nǹkan kan pamọ́: ohun tó ń jẹ, bí ó ṣe ń tọ́jú awọ ara rẹ̀, àìsàn tó ń bá a fínra. Ó tilẹ̀ kọ ìwé lórí ìtọ́jú ẹwà, ìwé náà sì tà gan-an. Òtítọ́ inú yìí wà lára ohun tó fà á tí àwọn èèyàn tí kò bá a pàdé rí fi ṣọ̀fọ̀ rẹ̀ bí ẹni ṣọ̀fọ̀ ọmọ ìyá wọn.

Báwo ni eré kan ṣoṣo ṣe sọ ọ́ di ìlúmọ̀ọ́ká ní gbogbo Éṣíà?

Orúkọ eré náà ni Meteor Garden, ilé iṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n CTS ní Táíwàn ló sì bẹ̀rẹ̀ sí í gbé e sáfẹ́fẹ́ ní oṣù Kẹrin, ọdún 2001. Ìtàn inú rẹ̀ ti wà tẹ́lẹ̀ nínú ìwé ìtàn aláwòrán tí obìnrin ará Jàpáánì kan, Yoko Kamio, yà. Ọmọbìnrin tálákà kan, Shan Cai, wọ ilé ẹ̀kọ́ tó kún fún ọmọ olówó. Àwọn ọmọkùnrin mẹ́rin tí wọ́n ń pè ní F4, tí owó bàbá wọn ti jẹ́ kí wọ́n máa fi ojú olùkọ́ àti akẹ́kọ̀ọ́ gbolẹ̀, ló ń ṣe bí ọba níbẹ̀. Gbogbo èèyàn ń wárí fún wọn, àyàfi Shan Cai. Barbie Hsu ló ṣe Shan Cai. Jerry Yan, Vic Chou, Ken Chu àti Vanness Wu ló ṣe àwọn ọmọkùnrin mẹ́rin náà.

Agbéréjáde eré náà, Angie Chai, kò lo àwọn òṣèré ńlá. Ojú tuntun ni àwọn ọmọkùnrin náà jẹ́, Barbie nìkan ló ti ní orúkọ tẹ́lẹ̀, orúkọ atọ́kùn ètò sì ni. Irú eré tó tibẹ̀ jáde, tí wọ́n ń fi òṣèré ọ̀dọ́ tó rẹwà àti orin tuntun ṣe, tí ìtàn ìfẹ́ láàárín olówó àti tálákà sì jẹ́ òpó rẹ̀, ni àwọn ará Táíwàn sọ ní eré òrìṣà-àwọn-ọ̀dọ́. Lẹ́yìn 2001, ilé iṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n Táíwàn ṣe irú rẹ̀ léraléra fún ọdún mẹ́wàá ó lé. Wọ́n tà á fún Indonéṣíà, Thailand, Malaysia àti Filipínì. Ní Filipínì, tí ilé iṣẹ́ ABS-CBN ti gbé e sáfẹ́fẹ́ ní ọdún 2003, ó gbilẹ̀ débi pé ó ṣílẹ̀kùn fún eré ilẹ̀ Éṣíà mìíràn lórí tẹlifíṣọ̀n wọn, níbi tó jẹ́ pé eré láti Mẹ́síkò ló ń jọba tẹ́lẹ̀.

Ṣáínà ni ọ̀rọ̀ ti gba ọ̀nà mìíràn. Ní ọdún 2002, àjọ ìjọba tó ń mójú tó rédíò àti tẹlifíṣọ̀n níbẹ̀ dá eré náà dúró, wọ́n ní ó lè ṣi àwọn ọ̀dọ́ lọ́nà. Àwọn òbí àti olùkọ́ kan fara mọ́ ìpinnu náà. Wọ́n ní eré tó ń fi ọmọ olówó tó ń lu ọmọ ẹlẹ́gbẹ́ rẹ̀ hàn bí ẹni àmúyangàn kò yẹ lójú ọmọdé. Àwọn tó lòdì sí i sọ pé Shan Cai gan-an ni ẹ̀kọ́ inú eré náà, nítorí òun ló kọ̀ láti forí balẹ̀ fún owó. Ìfòfindè náà kò dá ohunkóhun dúró. Àwọn èèyàn ń ra àwo ayédèrú lọ́jà, tí ilé mẹ́ta mẹ́rin sì ń pín ẹyọ kan wò. Báyìí ni eré tí ìjọba dá dúró ṣe di ohun tí ìran kan ní Ṣáínà fi ń rántí ìgbà èwe wọn.

Àwọn ọmọ Nàìjíríà tó ń wo eré Kòríà mọ ìtàn yìí láìmọ̀ pé àwọn mọ̀ ọ́n. Inú ìwé Kamio kan náà ni wọ́n ti mú Boys Over Flowers tí Kòríà ṣe ní ọdún 2009. Jàpáánì ti ṣe tirẹ̀ ní ọdún 2005, Ṣáínà sì ṣe tirẹ̀ ní ọdún 2018. Táíwàn ló ṣáájú gbogbo wọn lórí tẹlifíṣọ̀n, Barbie sì ni obìnrin àkọ́kọ́ tó ṣe ẹ̀dá ìtàn náà nínú eré onípele.

Lẹ́yìn èyí, ó ṣe Mars ní ọdún 2004 àti Corner with Love ní ọdún 2007. Ó sì wọ inú fíìmù: Silk, tó jáde ní ọdún 2006, Connected, tí Benny Chan darí ní Hong Kong ní ọdún 2008, níbi tó ti ṣe obìnrin tí àwọn ajínigbé tì mọ́lé, àti Reign of Assassins ní ọdún 2010. Connected ni mo rò pé ó fi hàn jù lọ pé ó mọ iṣẹ́ náà, nítorí pé ojú àti ohùn nìkan ló fi gbé ìbẹ̀rù obìnrin náà jáde, inú ahéré tóóró kan sì ni ó wà fún apá tó pọ̀ nínú fíìmù náà. Nígbà tó ṣe ìgbéyàwó, tó sì ń wá ọmọ, ó dín eré ṣíṣe kù, díẹ̀díẹ̀ ló sì fi ibẹ̀ sílẹ̀.

Báwo ni influenza ṣe lè pa èèyàn tí kò dàgbà?

Ibí ni àṣìṣe ti pọ̀ jù. Influenza kì í ṣe ọ̀fìnkìn. Kòkòrò tó ń fa ọ̀fìnkìn lásán sábà máa ń dúró sí imú àti ọ̀nà ọ̀fun, ṣùgbọ́n ti influenza lè wọ inú ẹ̀dọ̀fóró, kí ó sì ba àwọn àpò kékeré tí afẹ́fẹ́ ń gbà dé inú ẹ̀jẹ̀ jẹ́. Bí àwọn àpò wọ̀nyí bá kún fún omi àti ọyún, òtútù àyà nìyẹn. Ó lè jẹ́ kòkòrò influenza fúnra rẹ̀ ló fà á, ó sì lè jẹ́ pé bakitéríà mìíràn ló rí àyè wọlé nígbà tí ara kò lágbára mọ́. Nínú ìṣẹ̀lẹ̀ tó burú, àìrímí yìí lè le láàárín ọjọ́ kan sí méjì, àwọn ẹ̀yà ara mìíràn a sì bẹ̀rẹ̀ sí í kọṣẹ́. Àjọ Ìlera Àgbáyé ṣírò pé láàárín 290,000 sí 650,000 èèyàn ni àìsàn èémí tí influenza ń fà ń pa lọ́dọọdún.

Àwọn tí ewu rẹ̀ pọ̀ fún jù ni àgbàlagbà tó ti lé ní ọdún 65, ọmọ tí kò tíì pé ọdún márùn-ún, aláboyún, àti ẹni tó ní àìsàn ọkàn, ẹ̀dọ̀fóró tàbí ọpọlọ tó ti pẹ́ lára rẹ̀. Èyí tó gbẹ̀yìn yìí kan Barbie Hsu. Ó ti pẹ́ tí òun àti ìdílé rẹ̀ ti sọ ní gbangba pé ó ní àléébù nínú ọkàn, ní ibi tó ń darí ìṣàn ẹ̀jẹ̀, àti pé wárápá máa ń ṣe é. Nígbà tó bí ọmọ rẹ̀ kejì ní ọdún 2016, ó dákú, ó sì sún mọ́ ikú. Àwọn dókítà tó sọ̀rọ̀ lórí ikú rẹ̀ ní Táíwàn tọ́ka sí àwọn àìsàn wọ̀nyí gẹ́gẹ́ bí ohun tó lè mú kí influenza le sí i. Ohun tí ìdílé sọ kò ju pé influenza ló di òtútù àyà. Àwọn ìtàn tó ń ka ọjọ́ àti wákàtí tó wọ ilé ìwòsàn àti ìgbà tó jáde kò ti ẹnu ìdílé wá.

Àkókò tí wọ́n dé Jàpáánì náà burú. Ní ọ̀sẹ̀ tó parí ní ọjọ́ 29, oṣù Kejìlá, ọdún 2024, nǹkan bí 5,000 ilé ìwòsàn tí ìjọba Jàpáánì yàn láti máa ka aláìsàn influenza ròyìn 317,812 èèyàn, ìyẹn 64.39 fún ilé ìwòsàn kọ̀ọ̀kan. Iye yìí ló ga jù lọ láti ọdún 1999 tí wọ́n ti bẹ̀rẹ̀ irú ìkàsílẹ̀ yìí. Ó yẹ kí á yé ara wa: kì í ṣe gbogbo aláìsàn orílẹ̀-èdè náà ni 317,812 yẹn, ìwọ̀n àwọn ilé ìwòsàn tí wọ́n yàn nìkan ni. Nígbà tó fi máa di ìparí oṣù Kìíní, iye náà ti ń lọ sílẹ̀, ṣùgbọ́n àrùn náà ṣì wà nílẹ̀.

Kí ló fà á tí àwọn èèyàn fi ń tò fún abẹ́rẹ́ àjẹsára?

Láàárín ọjọ́ díẹ̀ lẹ́yìn ìròyìn ikú rẹ̀, àwọn ará Táíwàn ya lọ sí ilé ìwòsàn láti gba abẹ́rẹ́ àjẹsára influenza, títí kan àwọn tó ní láti fi owó ara wọn san án. Abẹ́rẹ́ ọ̀fẹ́ tí ìjọba ti ń pín láti oṣù Kẹwàá, ọdún 2024 ti fẹ́rẹ̀ẹ́ tán nílẹ̀ nígbà náà. Ní Ṣáínà, oògùn tó ń dènà kòkòrò influenza ni àwọn èèyàn ń wá kiri lórí ilé oògùn ayélujára.

Abẹ́rẹ́ àti oògùn kì í ṣe ohun kan náà, ìdàrúdàpọ̀ sì wà lórí èyí. Abẹ́rẹ́ àjẹsára ń múra ara sílẹ̀ kí àrùn tó dé, ó sì ń gba nǹkan bí ọ̀sẹ̀ méjì kí agbára rẹ̀ tó pé. Oògùn bí oseltamivir wà fún ẹni tí àrùn ti mú, ó sì ń ṣiṣẹ́ jù bí aláìsàn bá tètè lò ó láàárín wákàtí 48 tí àìsàn náà bẹ̀rẹ̀. Ẹni tó bá ra oògùn pamọ́ tó sì ń lò ó láìṣàìsàn kò tíì gba àjẹsára. Ní ti bóyá ó ti pẹ́ jù láti gba abẹ́rẹ́ ní oṣù Kejì, àwọn kan sọ pé àrùn náà ti dé góńgó rẹ̀, àǹfààní abẹ́rẹ́ á sì kéré. Àwọn mìíràn sọ pé àsìkò influenza lè gùn dé oṣù Kẹta tàbí Kẹrin, nítorí náà ó ṣì wúlò fún ẹni tí ara rẹ̀ kò le.

Ta ni àwọn ọkọ rẹ̀ méjèèjì?

Òǹkàwé gbọ́dọ̀ mọ èyí kí ọ̀rọ̀ ogún tó lè yé e. Ní òpin àwọn ọdún 1990, Barbie Hsu àti Koo Jun-yup, olórin ilẹ̀ Kòríà tó wà nínú ẹgbẹ́ Clon, fẹ́ ara wọn, ṣùgbọ́n wọ́n pínyà. Ní ọdún 2010, ó pàdé Wang Xiaofei, oníṣòwò ará Beijing tí ìyá rẹ̀, Zhang Lan, dá ilé oúnjẹ ńlá South Beauty sílẹ̀, wọ́n sì ṣe ìgbéyàwó ní ọdún náà gan-an, láìpẹ́ sí ìgbà tí wọ́n mọ ara wọn. Wọ́n bí ọmọbìnrin ní ọdún 2014 àti ọmọkùnrin ní ọdún 2016. Ní oṣù Kọkànlá, ọdún 2021, wọ́n kọ ara wọn sílẹ̀.

Koo gbọ́ ìròyìn ìkọ̀sílẹ̀ náà, ó sì pe nọ́mbà fóònù tí ó ti ní lọ́wọ́ láti ogún ọdún sẹ́yìn. Nọ́mbà náà kò tíì yí padà. Ní oṣù Kẹta, ọdún 2022, wọ́n kéde pé àwọn ti di tọkọtaya. Nítorí òfin àrùn Kòrónà tó ń ṣòro fún àjèjì láti wọ Táíwàn nígbà náà, wọ́n forúkọ ìgbéyàwó sílẹ̀ kí Koo lè wọlé gẹ́gẹ́ bí ọkọ.

Láàárín Barbie àti ọkọ rẹ̀ àtijọ́, àríyànjiyàn lórí owó tí ọkọ gbọ́dọ̀ máa san lẹ́yìn ìkọ̀sílẹ̀ dé ilé ẹjọ́ Táíwàn. Ní ọdún 2022, Barbie sọ pé ó ti dá owó náà dúró. Wang náà sọ tirẹ̀ lórí ayélujára léraléra, ó ní òun ti náwó tó pọ̀ lórí ilé àti ìdílé náà. Orí ìjà yìí ni ikú bá wọn, òun ló sì fà á tí àwọn olólùfẹ́ ìhà méjèèjì fi ń gba ohunkóhun tó bá dun etí wọn gbọ́.

Kí ni àwọn ìròyìn tí kò rí bẹ́ẹ̀?

Ẹ̀yí tó tàn jù sọ pé Wang ló gba bàálù tó gbé eérú ìyàwó rẹ̀ àtijọ́ wá sílé. Irọ́ ni. Jàpáánì ni wọ́n ti sun òkú rẹ̀, ọkọ rẹ̀ Koo àti ìdílé rẹ̀ ló sì gbé eérú náà wá sí Taipei ní ọjọ́ 5, oṣù Kejì. Lẹ́yìn tí ìròyìn bàálù náà ti tàn ká, Douyin, ìkànnì fídíò tó gbajúmọ̀ jù ní Ṣáínà, ti ojú ewé Wang Xiaofei àti ti ìyá rẹ̀ pa láìní gbèdéke. Ilé iṣẹ́ náà sọ pé wọ́n ń fi ọ̀rọ̀ ikú náà fa ojú àwọn èèyàn mọ́ra. Zhang Lan ti kó òǹwòran rẹpẹtẹ jọ tẹ́lẹ̀ lórí fídíò tó fi ń tajà, ìjà ọmọ rẹ̀ pẹ̀lú Barbie sì wà lára ohun tí wọ́n ń wá gbọ́ níbẹ̀. Òfin ìkànnì ni Douyin lò, kì í ṣe ìdájọ́ ilé ẹjọ́. Ẹni tó bá ń sọ pé wọ́n ti dá wọn lẹ́bi ọ̀ràn ti sọ kọjá ohun tó ṣẹlẹ̀.

Ọ̀rọ̀ ìsìnkú náà dàrú lẹ́nu àwọn èèyàn. Ìdílé kọ́kọ́ sọ pé àwọn yóò sin eérú rẹ̀ sí ìdí igi, bí òun fúnra rẹ̀ ṣe fẹ́ nígbà ayé rẹ̀. Nígbà tó yá, wọ́n yàn láti fún un ní ibojì tí èèyàn lè máa lọ bẹ̀ wò, wọ́n sì sin ín sí ibi ìsìnkú Chin Pao San, ní New Taipei, ní ọjọ́ 15, oṣù Kẹta, ọdún 2025. Ibẹ̀ ni olórin Teresa Teng náà wà. Nítorí náà àwọn tó gbọ́ ìròyìn àkọ́kọ́ àti àwọn tó gbọ́ èkejì kò parọ́ fún ara wọn.

Ta ni òfin Táíwàn sọ pé kí ó jogún rẹ̀?

Àwọn ìwé ìròyìn ti dá oríṣiríṣi iye lé dúkìá rẹ̀, èyí tó tàn jù sì ni mílíọ̀nù 600 owó Táíwàn. Ìfojúdá ìwé ìròyìn ni, kì í ṣe iye tí ilé ẹjọ́ kà sílẹ̀. Gbèsè náà wà nínú ìṣirò ogún: ní Táíwàn, ajogún ń jogún gbèsè olóògbé, àmọ́ kò ní san ju ìwọ̀n dúkìá tó jogún lọ.

Bí olóògbé kò bá fi ìwé ìhágún sílẹ̀, òfin ìdílé Táíwàn to àwọn ajogún ní ipele. Àwọn ọmọ ló wà ní ipele kìíní. Àwọn òbí wà ní ipele kejì, wọn kì í sì í jogún nǹkan kan níwọ̀n ìgbà tí ọmọ bá wà. Ọkọ tàbí aya kò ní ipele tirẹ̀; òun àti ipele tó bá wà lókè ni wọ́n jọ ń pín in, bí ó bá sì jẹ́ pẹ̀lú àwọn ọmọ ni, ọgbọọgba ni. Nípa bẹ́ẹ̀, Koo, ọmọbìnrin náà àti ọmọkùnrin náà ni ajogún, ìdá mẹ́ta ọgbọọgba ni ìpín wọn. Ìyá Barbie kò sí nínú rẹ̀. Wang Xiaofei kò sí nínú rẹ̀, nítorí pé ẹni tí a ti kọ̀ sílẹ̀ kì í ṣe ọkọ mọ́.

Kí wọ́n tó pín in, ọ̀rọ̀ mìíràn wà tí ọ̀pọ̀ ìròyìn fò kọjá. Bí tọkọtaya kò bá forúkọ àdéhùn dúkìá mìíràn sílẹ̀, òfin fún ẹni tó kù láyé ní ẹ̀tọ́ láti kọ́kọ́ bèèrè ìdajì ohun tí dúkìá olóògbé fi ju tirẹ̀ lọ, nínú ohun tí wọ́n kó jọ láàárín ìgbéyàwó náà nìkan. Ohun tí Barbie ní kí ó tó fẹ́ Koo ní ọdún 2022 kò sí lára èyí. Nítorí pé ìgbéyàwó náà kò pé ọdún mẹ́ta, tí ó sì ti ń kó dúkìá jọ láti ìgbà ọ̀dọ́ rẹ̀, ogún gan-an ni apá tó pọ̀ jù, kì í ṣe ìdajì yìí.

Ṣé Koo lè kọ ìpín rẹ̀ fún ìyá ìyàwó rẹ̀?

Ní ọjọ́ 6, oṣù Kejì, ọdún 2025, Koo kọ ọ́ sórí Instagram pé ohun tí ìyàwó òun fi òógùn ojú rẹ̀ kó jọ wà fún ìdílé tó fẹ́ràn, pé ìpín tòun ni òun yóò gbé lé ìyá rẹ̀ lọ́wọ́, àti pé òun yóò lo agbẹjọ́rò láti dáàbò bo ti àwọn ọmọ títí wọn yóò fi dàgbà. Ọ̀rọ̀ náà wọ àwọn èèyàn lọ́kàn. Láti ọjọ́ náà ni ọ̀pọ̀ sì ti ń sọ pé Koo ti “kọ ogún”. Ọ̀nà méjì tó yàtọ̀ gan-an ni òfin ní fún ohun tó sọ yìí.

Ọ̀nà kìíní ni pé kí ajogún kọ̀wé sí ilé ẹjọ́, láàárín oṣù mẹ́ta tó mọ̀ pé ogún kan òun, pé òun kò gbà á. Bí Koo bá ṣe èyí, ìpín rẹ̀ kò ní dé ọ̀dọ̀ ìyá ìyàwó rẹ̀ rárá. Àwọn ajogún yòókù ni òfin máa fún, ìyẹn àwọn ọmọ méjèèjì. Ẹni tó bá kọ ogún kò lè yan ẹni tí yóò gbà á.

Ọ̀nà kejì ni pé kí ó jogún ìpín rẹ̀, kí ó wá fi ta ìyá ìyàwó rẹ̀ lọ́rẹ. Èyí nìkan ni ọ̀nà tó bá ọ̀rọ̀ rẹ̀ mu, ṣùgbọ́n owó orí wà lórí rẹ̀. Ní Táíwàn, ẹni tó bá ta èèyàn lọ́rẹ tó ju mílíọ̀nù 2.44 owó Táíwàn lọ lọ́dún kan ní láti san owó orí, tó bẹ̀rẹ̀ láti ìdá 10 nínú ọgọ́rùn-ún tó sì lè dé ìdá 20. Kò sí àyè tí òfin fi sílẹ̀ fún ìyá ìyàwó láti bọ́ lọ́wọ́ èyí, bí ó ti wà láàárín ọkọ àti aya. Nítorí náà, bí agbẹjọ́rò kan bá sọ lórí tẹlifíṣọ̀n pé Koo kò lè gbé e fún un, tí òmíràn sì sọ pé ó lè ṣe é, àwọn méjèèjì lè tọ̀nà. Ọ̀nà tí olúkúlùkù ní lọ́kàn ló yàtọ̀.

Àwọn ọmọ ńkọ́?

Òfin Táíwàn ṣe kedere pé bí ọ̀kan nínú àwọn òbí bá kú, òbí kejì ni ẹ̀tọ́ ìtọ́jú ọmọ bọ́ sí lọ́wọ́, yálà wọ́n ti kọ ara wọn sílẹ̀ tàbí bẹ́ẹ̀ kọ́. Ọkọ ìyá kò ní irú ẹ̀tọ́ bẹ́ẹ̀ àyàfi bí ó bá ti gba ọmọ náà ṣọmọ lábẹ́ òfin. Àwọn ìbátan ìyá lè lọ sí ilé ẹjọ́ bí wọ́n bá rí i pé bàbá kò yẹ, ṣùgbọ́n wọ́n gbọ́dọ̀ fi ẹ̀rí hàn pé ó ń ṣi agbára rẹ̀ lò. Ìkórìíra láàárín ìdílé kò tó. Wang Xiaofei ni òfin kà sí olùtọ́jú wọn.

Ìbẹ̀rù àwọn olólùfẹ́ Barbie ni pé, bí bàbá bá ń tọ́jú ọmọ, dúkìá ìyá á di tirẹ̀. Òfin gbà pé òbí ló ń mójú tó ohun ìní ọmọ tí kò tíì tó ọjọ́ orí, ó sì lè lo èrè orí rẹ̀, ṣùgbọ́n kò gbọ́dọ̀ tà á tàbí gbé e fúnni àyàfi fún àǹfààní ọmọ náà. Bí ire òbí àti ti ọmọ bá ta kora lórí ìpín kan, ilé ẹjọ́ lè yan aṣojú mìíràn tí yóò dúró fún ọmọ. Inú àyè yìí ni agbẹjọ́rò tí Koo mẹ́nu bà ti lè ṣiṣẹ́: ó lè sọ́ bí wọ́n ṣe ń ná ogún náà, ó sì lè pe ilé ẹjọ́ sí i, ṣùgbọ́n kò lè gba àkóso rẹ̀ lọ́wọ́ bàbá wọn nítorí pé Koo fẹ́ bẹ́ẹ̀. Láti ọjọ́ 1, oṣù Kìíní, ọdún 2023, ọdún 18 ni ọjọ́ orí àgbà ní Táíwàn, dípò 20 tó wà tẹ́lẹ̀. Ọmọbìnrin náà yóò gba àkóso ìpín rẹ̀ ní ọdún 2032, ọmọkùnrin ní ọdún 2034.